Ọwọ́ Ìyá Ọkọ Mi Ni Oògùn Wà

Kùkùté àgbàdo ló gún ọkọ mi lẹ́sẹ̀ nínú oko wa ní Ìlọrà. Kí ọ̀sẹ̀ tó yí po, ẹsẹ̀ ti wú, ó ti ń rùn. Nínú ilé ọkọ mi, bí ọmọkùnrin bá ń ṣàìsàn, ìyá rẹ̀ ló ń fọwọ́ ara rẹ̀ fún un lóògùn. Ti ìyàwó ni kó pọnmi kó sì fọṣọ. Ṣùgbọ́n bí àìsàn bá burú, ìyàwó ni wọ́n ń bi. Mo ti rí bí wọ́n ṣe lé ìyàwó àbúrò ọkọ mi jáde láìjẹ́ kó mú ọmọ rẹ̀ dání, nítorí náà mo mọ ohun tó lè ti ibi ẹsẹ̀ yẹn wá bá mi.

Èmi ni mo mú un lọ sílé ìwòsàn. Nọ́ọ̀sì fún un ní oògùn oníhóró tó ń pa kòkòrò, ó sì béèrè bóyá ó ń lo òmíràn. Mo ní ọgbẹ́ inú ń yọ ọ́ lẹ́nu, pé ó máa ń mu oògùn funfun inú ìgò.

Nọ́ọ̀sì ní, "Ẹ má jẹ́ kí méjèèjì pàdé nínú ikùn. Bí wọ́n bá gbé hóró yìí mì, ó kéré tán kí wákàtí méjì kọjá kí wọ́n tó mu funfun. Bó bá jẹ́ funfun ni wọ́n kọ́kọ́ mu, kó tó wákàtí mẹ́fà. Funfun yẹn á dì í mú, kò ní jẹ́ kó wọnú ẹ̀jẹ̀."

Mo kúnlẹ̀ sọ ọ́ fún ìyá ọkọ mi bí mo ṣe gbọ́ ọ. Ó ń jẹ iṣu rẹ̀ lọ.

"Ìwọ lo bí i ni? Ṣé kí oògùn gbígbóná máa jẹ ọmọ mi nínú láìsí ohun tó máa tù ú?"

Ẹ ó rí i pé mo ń pe àgbàlagbà ní "ó". Mo mọ ohun tí mo ń ṣe. Láti ọjọ́ náà, abẹ́ ìrọ̀rí rẹ̀ ló ń kó oògùn sí. Bó bá ti ju hóró sí ọmọ rẹ̀ lẹ́nu, ṣíbí funfun á tẹ̀ lé e, á wá nu ẹnu rẹ̀ bí ọmọ ọwọ́, ọkùnrin tó ti bí ìbejì. Mo bẹ ọkọ mi níkọ̀kọ̀ pé kó fi funfun sílẹ̀ títí hóró á fi tán. Ó ní kí n má dá ìjà sílẹ̀ láàárín òun àti ìyá òun.

Ẹsẹ̀ náà wá di dúdú. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin wá láti Ìbàdàn, ó bo imú, ó sì kọjú sí mi dípò ẹsẹ̀. Ó ní, "Àjẹ́ ké lánàá, ọmọ kú lónìí." Kò parí òwe náà, gbogbo wa la mọ ìyókù. Wọ́n wá ní kí n máa kọ́kọ́ tọ́ oúnjẹ rẹ̀ wò lójú wọn, èmi tí n kò fọwọ́ kan oògùn rẹ̀ rí.

Nígbà tí a fi máa gbé e dé ilé ìwòsàn ní Ọ̀yọ́, ẹ̀pa ò bóró mọ́. Wọ́n gé ẹsẹ̀ náà láti ọrùn ẹsẹ̀. Dókítà bi í bó ṣe lo oògùn àkọ́kọ́, ọkọ mi sì fẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́: hóró, kí funfun tẹ̀ lé e. Dókítà ní bí ẹni tí kò lo oògùn rárá ni. Àwa méjèèjì nìkan la wà níbẹ̀. Mo ń sunkún, síbẹ̀ inú mi dùn díẹ̀, pé ọkọ mi ti mọ ẹni tó ṣe é.

Nígbà tí a padà sílé, ẹbí pé jọ. Olórí ẹbí ní kí n sọ ohun tí mo fi ẹsẹ̀ ọmọ àwọn ṣe. Mo sọ ọ̀rọ̀ dókítà láìyọ ọ̀kan. Wọ́n yíjú sí ọkọ mi. Ó wo ìyá rẹ̀ tó ń sunkún, ó wò mí.

Ó ní, "Èmi ò rántí pé dókítà sọ bẹ́ẹ̀."

Ilé bàbá mi ní Fìdítì ni mo wà báyìí. Àwọn ìbejì mi wà ní Ìlọrà, wọ́n sì ti ń kọ́ wọn pé ìyá wọn ló jẹ ẹsẹ̀ bàbá wọn.