Òdo Ni Wọ́n Kọ Síwájú Isikan

Ọ̀gbẹ́ni Adébùsóyè kú ní ọjọ́ Àìkú, ọjọ́ kẹta tí àwọn ọmọkùnrin mẹ́ta lórí ọ̀kadà já báàgì gbà lọ́wọ́ rẹ̀ ní Isikan, níhìn-ín ní Àkúrẹ́. Okùn báàgì náà wà lọ́rùn rẹ̀. Wọ́n wọ́ ọ láti iwájú ṣọ́ọ̀bù onígbàjámọ̀ títí dé etí gọ́tà. Aago mẹ́fà ìrọ̀lẹ́ ni, ojú ọjọ́ ṣì mọ́lẹ̀, àwọn èèyàn ń ra búrẹ́dì. Kí ló wà nínú báàgì? Bébà. Bébà lásán, tí ó kọ iye olè tó jà ní àdúgbò kọ̀ọ̀kan sí.

Ẹ má rẹ́rìn-ín. Èmi ti fi òǹkà yẹn rẹ́rìn-ín nígbà tí ẹni tó ni ín wà láàyè, ẹ wo ibi tó gbé mi dé.

Akọ̀wé kóòtù ni Ẹ̀gbọ́n, bí mo ṣe ń pe Adébùsóyè, kó tó fẹ̀yìn tì. Lẹ́yìn náà ni ọ́fíìsì kan tó ń kó ìṣirò ìwà ọ̀daràn jọ gbà á síṣẹ́. Lóṣooṣù, á lọ káàkiri àgọ́ ọlọ́pàá láti Àkúrẹ́ dé Oǹdó, tí í ṣe ìlú rẹ̀. Olè mélòó? Ìjà mélòó? Ta ló wà ní àtìmọ́lé tí kò tíì fojú kan adájọ́? Nígbà tí epo bẹ́ńtírò di wúrà, tí owó ọkọ̀ kò ṣeé gbọ́ sétí mọ́, ẹsẹ̀ ló fi ń rin ti Àkúrẹ́. Bí ó bá kó o jọ tán, á gbé e wá fún mi ní Arakale, níbi tí mo ti ní ṣọ́ọ̀bù ìtẹ̀wé. Ìwé mẹ́wàá ni mo kà, mi ò kọjá bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n tí mo bá to òǹkà, ó máa ń gún bí eyín ọmọge.

Kí ni mo wá ń fi òǹkà bàbá olóòótọ́ yìí ṣe? Mo ń fi dẹ́rù ba àwọn ọmọ mi. Yéjídé, àkọ́bí mi, tíṣà ni ní Oǹdó. Ó ti lọ́kọ, ó ti bímọ. Síbẹ̀, lẹ́yìn tí mo bá tẹ ti oṣù tán, n ó pè é.

"Yéjídé, má gba ọ̀nà ọjà yẹn o. Mẹ́jọ ni wọ́n jà lólè níbẹ̀."

"Dádì, inú kíláàsì ni mo wà."

"Fèrèsé kíláàsì ńkọ́? Ṣé ó ní irin?"

Irú bàbá tí mo jẹ́ nìyẹn. Nígbà tí wọ́n já fóònù Bísọ́dún, àbúrò rẹ̀, gbà ní Arakale níbí, Ẹ̀gbọ́n bi mí bóyá mo ti fi tó ọlọ́pàá létí.

"Ẹ̀gbọ́n, kí wọ́n lè ti ọmọ mi mọ́lé, kí wọ́n ní báwo ló ṣe rí fóònù rà?"

Ó yọ awò ojú rẹ̀, ó nù ún. "O ò sọ fún wọn, mi ò rí i kà. Mi ò rí i kà, wọn ò rán ẹ̀ṣọ́ wá. Àbúrò, ìwọ lò ń ba òǹkà mi jẹ́, ìwọ náà lo tún ń fi í sá kiri."

Mo rẹ́rìn-ín. Ẹnu mi mú nígbà náà.

Lọ́jọ́ tí wọ́n wọ́ ọ nílẹ̀, orí àga onígbàjámọ̀ yẹn gan-an ni Bísọ́dún jókòó sí. Ó sáré jáde pẹ̀lú irun ààbọ̀, òun ló gbé Ẹ̀gbọ́n dé ọsibítù. Nígbà tó délé, ó ní, "Dádì, mo mọ ọ̀kan nínú wọn lójú." Kí ni bàbá rere ń sọ nírú àkókò yẹn? Èmi ti ilẹ̀kùn. "O ò rí nǹkan kan. Irun rẹ ni wọ́n ń gẹ, ilẹ̀ lò ń wò." Ọmọ ọdún mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n ni mò ń kọ́ ní ibi tí ojú rẹ̀ ń wò.

Ẹ̀gbọ́n kú. Àwọn ẹbí fẹ́ sin ín ní Oǹdó ní Jímọ̀ tó tẹ̀ lé e. Mo bá wọn lọ sí àgọ́, ọlọ́pàá tó wà ní káńtà sì sọ ọ́ sí mi létí: "Bàbá, tí ẹ bá ní olè ni, a máa ṣe àyẹ̀wò òkú, a máa pe ẹlẹ́rìí. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, ó kéré tán. Ṣùgbọ́n tó bá jẹ́ áksídẹ́ǹtì..." Ó wò mí. "Ẹ̀yin náà mọ bí wọ́n ṣe ń kọ ọ́."

Mo mọ̀ ọ́n kọ. Ó wà nínú kọ̀ǹpútà mi, orúkọ nìkan ni mo máa ń yí padà: *Ìjàm̀bá ọ̀kadà ni. A kò fẹ́ ẹjọ́. A ti fi í lé Ọlọ́run lọ́wọ́.* Ọ̀rọ̀ "ẹlẹ́rìí" ló bà mí lẹ́rù: Bísọ́dún ni ẹlẹ́rìí. Mo tẹ̀ ẹ́ ní ìṣẹ́jú mẹ́rin. Oyèbọ́lá, ìyàwó olóògbé, fọwọ́ sí i pẹ̀lú ojú tó wú, kò kà á. Ó gbà mí gbọ́.

A sin ín. Ta ló wá láti ọ́fíìsì tí Ẹ̀gbọ́n rìn fún títí bàtà rẹ̀ fi lu? Kò sí. Àní awakọ̀ wọn kò yọjú. Ìwé oṣù Kọkànlá, oṣù tí Ẹ̀gbọ́n kú, ni wọ́n rán sí mi kí n tẹ̀. Isikan, olè jíjà: òdo. Ọ̀gá tó gbé e wá tilẹ̀ ní, "Isikan ti tòrò, àbí ẹ ò rí i?" Ọwọ́ mi yìí ló tẹ òdo náà. Ó gún dáadáa.

Lẹ́yìn náà ni wọ́n wá rántí ẹni wọn. Wọ́n kọ̀wé sí Oyèbọ́lá pé kó dá báàgì ọ́fíìsì àti káàdì ìdánimọ̀ ọrùn rẹ̀ padà. Bí wọ́n bá jí i, kó mú ìwé ọlọ́pàá wá. Ó ti Oǹdó wá sí àgọ́ ní Àkúrẹ́. Wọ́n ṣí ìwé wò. "Màmá, áksídẹ́ǹtì ló wà níbí. Áksídẹ́ǹtì kì í gbé báàgì."

Ó ti ibẹ̀ wá sí ṣọ́ọ̀bù mi. "Bàbá Yéjídé, ẹ bá mi tẹ̀ ẹ́ pé olè ló gbé e. Ta ni ẹni burúkú tó kọ áksídẹ́ǹtì?"

Bísọ́dún wà níbẹ̀, ó ń gba iná sí fóònù. Ó wò mí. "Dádì, ẹ sọ fún wọn, tàbí kí n sọ."

Mo sọ fún wọn. Obìnrin náà kò pariwo, kò bú mi. Ìbá bú mi, ìbá sàn. Ó kàn ní, "Ọkọ mi máa ń sọ pé kò sí ẹni tó ń tẹ òǹkà kó gún bíi tiyín."

Lọ́jọ́ náà ni àwa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta lọ fa ìwé yẹn padà. Bísọ́dún sọ ohun tó rí, ó sì buwọ́ lù ú. Èmi jókòó sórí bẹ́ǹṣì, mò ń làágùn bí ẹni tó ń rọbí, wọn ò sì ti ọmọ mi mọ́lé. Kí ni ọlọ́pàá wá wí? "Oṣù yẹn ti kọjá, bàbá. Ìwé ti lọ sókè."

Ta ló wà lókè yẹn tí ìwé ń lọ bá, tí kò lè sọ̀ kalẹ̀ mọ́? Ṣé òkú Adébùsóyè ni ó yẹ kó wá ka ara rẹ̀? Mo yẹ kọ̀ǹpútà mi wò: ìwé "a kò fẹ́ ẹjọ́" mọ́kànlélógójì ni mo tẹ̀ láàárín ọdún mẹ́ta. Mélòó níbẹ̀ ló jẹ́ ìjàm̀bá ní tòótọ́? Mi ò mọ̀, mi ò bèèrè rí. Ẹ̀yin ará ọ́fíìsì tí ìjọba fi bíbéèrè ṣe iṣẹ́ fún ńkọ́?

Nítorí náà, ẹ̀yin ọlọ́pàá: ẹ wá àwọn ọmọ yẹn, ẹlẹ́rìí ti sọ̀rọ̀. Ẹ̀yin ará ọ́fíìsì, ẹ rán ẹnìkan lọ sí Oǹdó, kó lọ wo opó náà lójú, kó má bèèrè káàdì. Ìwé oṣù yìí sì wà lórí tábìlì mi, ẹ ní ẹ fẹ́ ẹ kó tó di Jímọ̀. Mi ò ní fọwọ́ kàn án. Ẹ kọ́kọ́ gbé ti oṣù Kọkànlá padà wá, ẹ jẹ́ kí n pa òdo yẹn rẹ́, kí n tẹ ení síbẹ̀.