Ọ̀tún Ni Tàbí Òsì?

Ìtàn àtẹ̀gùn ni gbogbo ènìyàn kọ́kọ́ máa ń sọ nípa olóògbé náà, ìyàwó rẹ̀ ló sì mọ̀ ọ́n sọ jù, nítorí òun gan-an ló ṣubú. Ó gbé agbọ̀n aṣọ fífọ̀ lọ́wọ́, ó ń sọ̀ kalẹ̀, ó ṣi ẹsẹ̀ gbé, àfi gbì! Iṣan ẹsẹ̀ rẹ̀ fà, ó jókòó sójú kan, ó figbe ta. Ọkọ rẹ̀ sáré jáde ní yàrá pẹ̀lú búrọ́ọ̀ṣì ìfọyín lẹ́nu. Ó wò ó, ó yọ búrọ́ọ̀ṣì náà.

“Ọ̀tún ni tàbí òsì?”

“Ẹ gbé mi ná!”

“Màá gbé ọ. Ẹsẹ̀ wo ni?”

“Bàbá àwọn ọmọ, mo ní kí ẹ gbé mi!”

“Mo ti gbọ́. Ẹsẹ̀ wo?”

Obìnrin náà wò ó títí. Ó ní òun kò ní sọ, bí òun bá tilẹ̀ máa sun orí àtẹ̀gùn náà mọ́jú. Ọkọ rẹ̀ rọra gbé e ṣáá, ó tẹ́ ẹ sórí àga gbọọrọ, ó lọ mú omi dídì wá. Ó gbé e lé ẹsẹ̀ méjèèjì, nítorí wọn kò tíì sọ èwo ni fún un.

Kì í ṣe pé ọkùnrin yìí kò láàánú lójú. Iṣẹ́ ló sọ ọ́ dà bẹ́ẹ̀. Ilé ìwòsàn ló ti ń ṣiṣẹ́, nínú yàrá kékeré kan lẹ́yìn ibi tí wọ́n ti ń ya fọ́tò eegun. Bí dókítà bá ti kọ ohun tó ń ṣe aláìsàn sílẹ̀, òun ni yóò sọ ọ́ di kóòdù, ìyẹn àwọn lẹ́tà àti nọ́ńbà tí ilé ìwòsàn gbogbo fi ń mọ irú àìsàn tó jẹ́. Iṣan ẹsẹ̀ àti ọrùn ẹsẹ̀ tó fà ló bọ́ sí i lọ́wọ́ jù. Kóòdù ti ọ̀tún wà, ti òsì wà, ti ẹsẹ̀ tí ẹnikẹ́ni kò sọ èwo ni náà wà. Ti ìkẹyìn yìí ló kórìíra bí ìgbẹ́. Ó ní òun kò tíì rí ẹsẹ̀ tí kì í ṣe ti ọ̀tún tàbí ti òsì lára ẹnì kankan. Bẹ́ẹ̀ ni òfin iṣẹ́ náà kò sì gbà á láyè kó fojú díwọ̀n. Dókítà tàbí aláìsàn fúnra rẹ̀ gbọ́dọ̀ sọ ọ́ kó tó kọ ọ́. Ìdí nìyẹn tó fi ń béèrè títí wọ́n fi sọ ọ́ ní Ọ̀tún-Tàbí-Òsì.

Dókítà kan kọ ọ́ nígbà kan pé iṣan fà fún agbábọ́ọ̀lù kan ní ẹsẹ̀ tó fi ń gbá bọ́ọ̀lù, dókítà náà sì gba ìsinmi lọ. Ọ̀tún-Tàbí-Òsì wọ bàtà rẹ̀, ó di pápá ìṣeré. Ó bá olùkọ́ àwọn agbábọ́ọ̀lù létí pápá.

“Ẹ jọ̀ọ́, ẹsẹ̀ wo ni ọmọ yín yìí fi ń gbá bọ́ọ̀lù?”

Olùkọ́ náà mí kanlẹ̀. “Bàbá, ohun tí àwa náà ń bá a fà nìyẹn.”

Ọjọ́ tí ọkùnrin tó fẹ́ fẹ́ ọmọ wọn obìnrin kọ́kọ́ wá kí wọn, ó ń tiro díẹ̀ wọlé. Ó ní bàtà ló fún òun. Bàbá ìyàwó fa àga súnmọ́ ọn. Ọmọ wọn ti fọwọ́ bojú kí ìbéèrè náà tó jáde. Ìgbéyàwó náà ṣojú gbogbo wa, ọkọ ìyàwó sì wọ sálúbàtà.

Ìyàwó rẹ̀ ní tirẹ̀ kò gbàgbé ti àtẹ̀gùn. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, ó di báńdéèjì mọ́ ẹsẹ̀ méjèèjì. Láàárọ̀ ó ń tiro sí ọ̀tún, nírọ̀lẹ́ ó ń tiro sí òsì. Ẹsẹ̀ ọ̀hún san, báńdéèjì kúrò, ọdún ń gorí ọdún, ọkọ rẹ̀ ṣì ń béèrè lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan.

“Ìyá àwọn ọmọ, ṣé o ti ṣetán láti sọ?”

“Rárá.”

“Kò burú.”

Kì í ṣe ẹsẹ̀ ló ń dun obìnrin náà mọ́. Ó rò pé kóòdù ni ọkùnrin yìí fẹ́ràn ju òun lọ, pé bí òun bá kú, ẹ̀gbẹ́ tí òun fi lélẹ̀ ló máa kọ́kọ́ béèrè.

Ṣùgbọ́n ọkùnrin náà ló kọ́kọ́ lọ. Dókítà sọ fún un lórí ibùsùn pé ọkàn rẹ̀ ló ń dà á láàmú. Ó béèrè bóyá apá ọ̀tún ọkàn ni tàbí apá òsì. Dókítà ní apá òsì ni. Ó dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ tọkàntọkàn.

Ìyàwó rẹ̀ jókòó tì í nírọ̀lẹ́ ọjọ́ náà. Ọkọ rẹ̀ yíjú sí i.

“Ṣé o ti ṣetán?”

“Ẹ jẹ́ kí ara yín yá ná. Tí ẹ bá délé, màá sọ ọ́.”

Ó rò pé bí òun bá fi ìdáhùn náà pamọ́, ọkùnrin yìí yóò wálé wá gbà á ni. Kò wálé mọ́. Ọ̀rọ̀ tó ṣẹ́kù sí obìnrin náà lẹ́nu wá ń dùn ún ju ohunkóhun lọ, kò sì mọ ẹni tí yóò sọ ọ́ fún.

Nígbà tí wọ́n sin ín tán, tí àwọn àlejò kún ìsàlẹ̀, tí wọ́n ń sọ ìtàn àtẹ̀gùn, tí wọ́n ń rẹ́rìn-ín, ìyàwó rẹ̀ fẹ́ sọ̀ kalẹ̀ wá bá wọn. Ẹsẹ̀ tó fà lọ́jọ́sí, tó ṣì máa ń gan lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan, tún gan. Ó na ọwọ́ òsì láti di nǹkan mú, kò bá nǹkan kan níbẹ̀. Ìgbà yẹn ló tó yé e. Láti ọjọ́ tó ti ṣubú, kò sí ìgbà kan tó sọ̀ kalẹ̀ tí ọkọ rẹ̀ ò jáde wá dúró lápá òsì rẹ̀, tí ò fún un léjìká. Ó ti rò pé nítorí pé ọ̀tún nìkan ni irin ìdìmú àtẹ̀gùn wà ni. Ọkùnrin náà ti mọ̀. Ó kàn ń dúró kí ẹni tó ń jẹ ìrora sọ ọ́ fúnra rẹ̀ ni.

Omi bọ́ lójú rẹ̀, ẹ̀rín sì ń pa á. Ọmọ rẹ̀ sáré gòkè wá, ó fẹ́ dì í mú lápá ọ̀tún.

Obìnrin náà yíjú sí ẹnu ọ̀nà yàrá tí ọkọ rẹ̀ ti máa ń jáde wá.

“Òsì ni,” ó wí.

Ọmọ rẹ̀ rò pé òun ni màmá ń bá sọ̀rọ̀. Ó yí bọ́ sí apá òsì, ó fún un léjìká, wọ́n sì jọ rọra sọ̀ kalẹ̀.