Okùn Ìdí Ọsàn Bàbá Mi

Nígbà tí mo wà ní kékeré ní Fìdítì, àáró làwọn bàbá wa fi ń roko. Wọ́n á ṣe tìẹ lónìí, wọ́n á ṣe tèmi lọ́la, iye iṣẹ́ tí wọ́n bá sì bá ọ ṣe, ìwọ náà gbọ́dọ̀ bá wọn ṣe é padà. Ẹni tó bá rẹ́ ẹgbẹ́ rẹ̀ jẹ nínú àáró, ẹ jẹ́ kí n sọ fún yín, orúkọ rẹ̀ ti bàjẹ́ nìyẹn. Kò sẹ́ni tó máa bá a ṣe é mọ́.

Bàbá mi ní oko ọsàn lọ́nà Akinmọ́rìn. Bí wọ́n bá fẹ́ ro ìdí ọsàn, wọ́n á so okùn mọ́ ìdí igi, okùn ọ̀hún ò gùn ju ẹ̀rúkọ́ lọ. Wọ́n á fà á yí igi po, ibi tí orí okùn bá dé ni wọ́n máa ro dé. Èmi ọmọbìnrin kékeré ni mò ń fi agbọ̀n kó èpò dà nù lẹ́yìn wọn. Agbọ̀n kan ni tìdí igi kan.

Lọ́dún kan, bàbá mi lọ sí Ìlọrà, ó rí ọsàn ẹnìkan tí wọ́n ro ìdí rẹ̀ fẹ̀, tó so wọ̀ǹtìwọnti. Ó wù ú. Nígbà tí àwọn ẹlẹ́gbẹ́ àáró rẹ̀ dé oko wa, okùn tuntun ló fà yọ, ìlọ́po méjì ti tẹ́lẹ̀.

Ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan wà níbẹ̀, ọkùnrin pupa kan, ẹlẹ́fẹ̀ ni. Ó ní, "Háà! Ṣé ìdí ọsàn lo fẹ́ ká ro ni, àbí pápá bọ́ọ̀lù?"

Bàbá mi ní, "Ìlọ́po méjì péré ni. Ẹ fi ọjọ́ méjì ṣe é dípò ọjọ́ kan, èmi náà á bá ẹnìkọ̀ọ̀kan yín ṣe ọjọ́ méjì." Wọ́n gbà.

Ọjọ́ méjì pé, oòrùn ń wọ̀, ìdajì oko ni wọ́n ro. Inú bí bàbá mi. Ó ní ọ̀lẹ ni wọ́n, ó ní wọ́n ń fi oko òun ṣeré. Ọ̀rọ̀ náà dùn wọ́n wọra, ọkùnrin pupa ò ṣẹ̀fẹ̀ mọ́. Wọ́n ti ń gbé ọkọ́ kọ́ èjìká nígbà tí èmi, pẹ̀lú agbọ̀n lórí, la ẹnu mi gbàgà: "Bàámi, wọn ò ṣọ̀lẹ o. Agbọ̀n kan ni mò ń rù nídìí igi kan tẹ́lẹ̀, mẹ́rin ni mò ń rù báyìí."

Bàbá mi wá okùn àtijọ́, ó fà á yípo nínú ibi tí wọ́n ti ro, ó wá ń wo ilẹ̀ tó kù lóde rẹ̀. Ti inú kéré, ti òde ló fẹ̀. Bí okùn bá ṣe ń gùn sí i ni ọ̀nà tí orí rẹ̀ ń rìn yí igi ká ń gùn sí i. Okùn di ìlọ́po méjì, ilẹ̀ ti di ìlọ́po mẹ́rin. Bàbá mi ṣí fìlà, ó jù ú sínú èpò, ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja fún àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀. Ó ní, "Ẹ má bínú. Mi ò mọ̀ ni."

Ojú tì mí débi pé ilẹ̀ ì bá lanu, ǹ bá wọlẹ̀. Bàbá tèmi, lórí ilẹ̀, nítorí ẹnu mi! Kò nà mí o. Ì bá sàn kó nà mí. Àwọn èèyàn náà padà wá parí oko wa, òun náà sì bá ẹnìkọ̀ọ̀kan wọn ṣe ọjọ́ mẹ́rin gbáko. Kó tó ráyè ebè tirẹ̀, òjò ti ń lọ, iṣu wa ò ta lọ́dún náà. Bí ọkùnrin pupa bá sì rí mi ládùúgbò, á ní, "Alágbọ̀n Mẹ́rin, ẹ ǹlẹ́ o!" Wọ́n á rẹ́rìn-ín, bàbá mi á sì sorí kọ́.

Lóde òní, àáró ti kásẹ̀ nílẹ̀, oògùn ni wọ́n ń fín sí èpò. Lọ́jọ́ kan, ọmọ ọmọ mi sáré wọlé láti iléèwé. Ó ní tíṣà àwọn sọ pé bí nǹkan róbótó bá fẹ̀ ní ìlọ́po méjì láti àárín dé etí, ilẹ̀ inú rẹ̀ náà á di ìlọ́po méjì. Òun nawọ́, òun ní irọ́ ni, ni tíṣà bá gbà, ó ní kí gbogbo kíláàsì pàtẹ́wọ́ fún òun.

Mo ní, "Mẹ́rin ni."

Ó yanu. "Màmá, ta ló kọ́ yín?"

Ọkàn mi ti padà sí oko ọsàn. Fìlà bàbá mi ni mò ń wò nínú èpò.