Àwọn Tó Rí Ilé Lọ́ọ̀ọ́kán

Ìjì ba ọkọ̀ kan tó kó ìrẹsì jẹ́ létí òkun Japan, omi sì gbé e fún ohun tó ju ọdún kan lọ títí ó fi gúnlẹ̀ sí Amẹ́ríkà. Atukọ̀ mẹ́ta péré ló ṣẹ́kù láàyè. Ìrẹsì yẹn ni wọ́n ń jẹ, omi òjò ni wọ́n ń mu.

Ọmọ Yorùbá kan tó ń ṣèwádìí nípa wọn ní yunifásítì kan ní Padua ló sọ ọ́ fún wa lọ́dún 2016, nígbà tó wá dirun ní Barriera di Milano, àdúgbò kan ní ìlú Turin ní Ítálì. Ọ̀rúndún kọkàndínlógún ló ṣẹlẹ̀. Oníròyìn ni mí, ìsọ̀ onídìrí yẹn ni mo sì ti máa ń gbọ́ ohun tó ń lọ ládùúgbò.

Ọkùnrin kan tó ń ṣiṣẹ́ nílé ìkẹ́rùsí ní Settimo, lẹ́yìn odi ìlú, wà níbẹ̀. Ó ń jókòó, ó ń dìde, ó ń wo fóònù. Àìsàn ìyá rẹ̀ ti le ní Abẹ́òkúta, ó sì fẹ́ lọ wò ó. Òun náà gba orí òkun wá láti Libya, ẹ́ńjìnnì ọkọ̀ wọn sì kú lójú agbami.

Ó bi ẹni tó ń sọ ìtàn náà pé, “Àbúrò, àwọn mẹ́ta yẹn, ṣé wọ́n padà délé?”

“Ọkọ̀ àjèjì kan gbé wọn dé iwájú ilé, bọ̀dá mi. Òfin ìlú ò fẹ́ ọkọ̀ àjèjì, kò sì fẹ́ ọmọ ilé tó ti gbé òkè òkun. Àgbá ni wọ́n yìn sí wọn. Wọ́n rí ilé lọ́ọ̀ọ́kán, ọkọ̀ sì yí padà.”

“Kí lẹ̀ṣẹ̀ wọn?”

“Wọn ò ṣe nǹkan kan. Afẹ́fẹ́ ló gbé wọn kúrò nílé.”

Onídìrí kọjú sí ọkùnrin náà, ó bú sẹ́rìn-ín. “Ìwọ lo sọ fún commissione, ìgbìmọ̀ tó fún ẹ níwèé ìsádi, pé wọ́n máa pa ẹ́ bí o bá padà sílé. O tún wá fẹ́ lọ kí màmá!”

“Àǹtí, ṣé màmá ló fẹ́ pa mí ni?”

Gbogbo wa rẹ́rìn-ín. Òun náà rẹ́rìn-ín, àmọ́ ó ti dé ẹnu ọ̀nà. “Mò ń lọ bi àwọn ọlọ́pàá ní questura bóyá mo lè lọ. Ta ló máa bá mi lọ?”

Mo dìde. Bọ́ọ̀sì ò tètè dé, ó ní ká máa fẹsẹ̀ rìn. A ò tíì rìn jìnnà tí bọ́ọ̀sì fi kọjá lára wa.

Ọlọ́pàá tó dá wa lóhùn nídìí ìwé àwọn àlejò ò jágbe mọ́ ọn. Ó ní kò sẹ́ni tó máa dá a dúró, ó lè wọ bàlúù lọ́la. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá rí i pé Nàìjíríà ló lọ, commissione lè tún pè é kó wá ṣàlàyé ohun tó lé e kúrò nílé, wọ́n sì lè gba permesso, ìwé tó fi ń gbé níbí, lọ́wọ́ rẹ̀.

“Ìgbà wo ni mo máa mọ èyí tí wọ́n máa ṣe?”

“Tó o bá lọ,” ọlọ́pàá náà ní, “ìgbà tó o bá padà dé ni wọ́n máa sọ fún ẹ.”