Òǹkà Méjìlá Nínú Orin Ìkórè

Nígbà tí Bàbá Ìjọ ka ìwé orin mi tán, ojú ló kọ́kọ́ fi bú mi kí ó tó fi ẹnu bú mi.

"Níbo ni Ilẹ̀ Ìdúró yìí wà? Ṣé inú Bíbélì ni?"

"Kò sí níbì kankan, Bàbá. Èmi ni mo ronú dá a."

"Háà! Ọlọ́run dá tirẹ̀ ní ọjọ́ mẹ́fà, ìwọ náà dá tìrẹ. Ọma mi, o ti kàwé jù."

Ìlú Ìkọ̀yà ni, ọdún díẹ̀ lẹ́yìn òmìnira. Tíṣà ni mí, ọmọ Ìjù-Odò, mo sì ń tẹ dùùrù ní ṣọ́ọ̀ṣì. Wọ́n gbé ọ̀gá akọrin wa, ọmọ Ìjẹ̀bú kan, lọ sí ilé ìwé mìíràn, ìgbìmọ̀ ìjọ, tí Bàbá Ìjọ jẹ́ olórí rẹ̀, wá ní kí n máa di ọ̀pá tó fi ń darí orin mú títí wọn yóò fi rí ọkùnrin. Ọ̀rọ̀ "títí wọn yóò fi rí ọkùnrin" yẹn dùn mí wọ egungun. Mo pinnu pé orin ìkórè ọdún náà ni yóò sọ bóyá mo tó bẹ́ẹ̀. Bí ó bá dára, ọ̀pá di tèmi. Bí ó bá bàjẹ́, mo padà sídìí dùùrù nìyẹn, mo sì gbé ẹnu mi dákẹ́.

Ní Ilẹ̀ Ìdúró inú orin náà, Àkókò jẹ́ ọba arúgbó. Lọ́dọọdún ni oorun máa ń gbé e lọ. Bí ó bá ti sùn, gbogbo nǹkan a dúró: omi kì í hó lórí iná, epo kì í kán lára ẹyìn, aboyún kì í bí. Àwọn ará ìlú a wá kó ara wọn jọ sí àgbàlá ààfin láti fi orin jí i. Mo kọ ọ́ ní sọ́fà, dò-rè-mí tí gbogbo wa kọ́ ní ilé ìwé, fún ohùn mẹ́rin, láìsí dùùrù. Ní àárín rẹ̀ ni mo fi ìsinmi sí, ìyẹn ibi tí olórin ń pa ẹnu mọ́ ṣùgbọ́n tí ó ń ka iye lọ nínú ọkàn. Ìsinmi tèmi gùn: òǹkà méjìlá. Ibẹ̀ ni ọba ti sùn pátápátá. Lẹ́yìn rẹ̀, báàsì, ohùn ìsàlẹ̀ àwọn ọkùnrin, ni yóò kọ́kọ́ wọlé.

Oṣù méjì la fi kọ́ ọ. Bùràdá Jákọ́bù, tó ń kọ ẹyìn lójúmọ́, ni aṣíwájú báàsì. Tí a bá ka dé mẹ́jọ báyìí, ara rẹ̀ kì í gbà á mọ́.

"Mísì, ẹnu ń yún mi."

"Ẹ fi eyín dì í mú, Bùràdá."

Bàbá Ìjọ kò yọjú sí ìdánrawò kankan, èmi náà ò sì lọ ṣàlàyé ìsinmi náà fún un. Ìgbéraga ni, mo gbà. Ó kù díẹ̀ kí àṣìṣe yẹn sọ mí di ẹlẹ́yà.

Ọjọ́ ìkórè pé, ṣọ́ọ̀ṣì kún dé ẹnu ọ̀nà. A kọrin dé ibi oorun ọba, mo na ọwọ́ sókè, gbogbo ohùn dákẹ́. Mo ka ọ̀kan, mo ka èjì, mo ka ẹ̀ta...

"Ẹ jẹ́ ká gbàdúrà!"

Bàbá Ìjọ ni. Ó rò pé orin ti tán. Gbogbo ìjọ tẹrí ba. Èyí tó burú jù ni pé àwọn akọrin mi náà di ojú. Ta ló máa gbọ́ "ẹ jẹ́ ká gbàdúrà" ní Ìkọ̀yà tí kò ní di ojú? Bí wọ́n bá ṣe àmín tán, wọn yóò jókòó, orin mi yóò sì kú sójú oorun. Mi ò lè pariwo láàárín àdúrà. Mo jẹ́ kí ọwọ́ mi wà lókè níbi tó wà.

Bàbá gbàdúrà fún oko. Ó gbàdúrà fún àwọn tó ń gun ọ̀pẹ, kí igbà má já mọ́ wọn nídìí. Ó gbàdúrà fún àwọn ọmọ wa l'Ékòó, fún ìjọba, fún ọ̀nà Òkìtìpupa.  Mo sọ fún apá mi nínú ọkàn pé bó bá fẹ́ já, kó já, kò ní sọ̀kalẹ̀. Nígbà tí àdúrà kan ọ̀nà, Bùràdá Jákọ́bù la ojú kan. Ó rí ọwọ́ mi. Ó fi ìgbọ̀nwọ́ gún ẹni tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, onítọ̀hún gún ẹni tó tẹ̀ lé e, bẹ́ẹ̀ ló ṣe lọ títí dé ọ̀dọ̀ àwọn ọmọbìnrin tó ń kọ ohùn òkè. Ojú ń là lọ́kọ̀ọ̀kan.

"Àmín!" ni ìjọ dáhùn. Ọwọ́ mi sọ̀kalẹ̀, báàsì sì bú jáde: "Dìde, Ọba Ìgbà, dìde!" Ìyá arúgbó kan fò sókè lórí ìjókòó rẹ̀, ó ní, "Ó ti jí o!"

Lọ́jọ́ kejì ni ìgbìmọ̀ pè mí. Inú Bàbá Ìjọ ń dùn ṣìnkìn.

"Àdúrà mi ló jí ọba yẹn. Ẹ fún un lọ́pàá. Kí ó ṣáà kọ ọ́ sínú ìwé pé níbẹ̀ ni n ó máa gbàdúrà lọ́dọọdún."

Gbogbo wọn rẹ́rìn-ín. Àlùfáà wa, tó jókòó láàárín wọn, ń fi ojú bẹ̀ mí pé kí n gbà. Mo kúnlẹ̀.

"Ẹ jọ̀ọ́, Bàbá, ẹ má bínú. Ìdákẹ́jẹ́ ni mo kọ síbẹ̀."

"Bí mo bá ní àdúrà ni ńkọ́?"

"Ẹ ó wá ọkùnrin nìyẹn, sà. Ṣùgbọ́n orin náà kò ní yí padà."

Ẹ̀rù bà mí, mi ò purọ́, àmọ́ mi ò gbé ojú kúrò. Bàbá sún síwájú lórí àga rẹ̀.

"Òǹkà mélòó lo ní?"

"Méjìlá, sà."

Ó pa ẹnu mọ́. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í fi ìka kan itan rẹ̀, a sì dúró dè é, kò sẹ́ni tó húkọ́. Nígbà tó pé méjìlá, ó mí kanlẹ̀.

"Ó pọ̀ fún àgbàlagbà. Àmọ́ n ó gbìyànjú. Ẹ fún un lọ́pàá."

Ọ̀pá náà wà lọ́wọ́ mi títí mo fi fẹ̀yìn tì. A kọ orin náà ní Òkìtìpupa, a kọ ọ́ dé Akotogbo. Ní gbogbo ìkórè tó kù tí Bàbá fi wà láyé, bí mo bá ti na ọwọ́ sókè, n ó rí i ní ìjókòó iwájú, ètè rẹ̀ pa dé pinpin, tó ń fi ìka kan itan. Kò sí ọdún kankan tó la ẹnu kí ó tó pé méjìlá.