Ìyá Inú Eré Lọ Wẹ Ọmọ

Orúkọ mi máa ń kọjá lójú tẹlifíṣọ̀n lẹ́yìn tí eré bá ti parí, nígbà tí àwọn èèyàn ti dìde lọ gbé ìkòkò kaná. Èmi ni mo ń kọ eré ọ̀sọ̀ọ̀sẹ̀ kan ní Àkúrẹ́ nígbà náà, nínú yàrá kan tó fẹ̀yìn kan jẹnẹrétọ̀. Lójú ara mi, gbogbo ìpínlẹ̀ ló mọ̀ mí. Àwọn kan lára àwọn òṣèré wa gan-an ò mọ̀ mí sí nǹkan kan ju ẹni tó ń tẹ̀wé lọ.

Ìyá kan wà nínú eré náà tí àwọn èèyàn fẹ́ràn púpọ̀. Ọ̀rọ̀ ẹnu ìyá tó bí mi, tó ń gbé ní Oǹdó, ni mo ń kó sí i lẹ́nu: bó ṣe ń kí aládùúgbò, bó ṣe ń bú ewúrẹ́, bó ṣe ń bínú láìgbóhùn sókè. Ìyá mi mọ̀, àwọn obìnrin ìjọ rẹ̀ náà sì mọ̀. Wọ́n a kóra jọ sí pálọ̀ rẹ̀ láti wò ó, òun náà a sì jókòó bí ẹni tí wọ́n ń yà ní fọ́tò.

Nígbà tó yá, obìnrin tó ń ṣe ìyá náà ríṣẹ́ sí Èkó. Olóòtú eré wa ní kí n pa ìyá náà. Ó ní ikú ló máa pa òǹwòran lẹ́kún, àti pé bí mi ò bá lè kọ ọ́, òun á wá ẹni tó lè kọ ọ́. Iṣẹ́ kan ṣoṣo tí mo ní nìyẹn. Mo jókòó ti kọ̀ǹpútà títí, àmọ́ mi ò lè kọ ikú ìyá mi kí gbogbo ìjọ wá máa wò ó. Ẹ̀rù bà mí. Mo wọkọ̀ lọ sí Oǹdó, mo rò ó fún ìyá mi.

Ó ń ṣa ẹ̀wà lọ́wọ́, kò sì dáwọ́ dúró.

"Ọma mi, ṣé ìyàwó ọmọ ìyá inú eré yẹn ò lè bímọ ni? Jẹ́ kó lọ wẹ ọmọ."

Bẹ́ẹ̀ ni mo kọ ọ́. Olóòtú wa kà á, ó rojú, ṣùgbọ́n àsìkò ti lọ, ló bá gbà. Ìyá inú eré di ẹrù, ó mú ọṣẹ dúdú àti kànrìnkàn, ó wọkọ̀. Àwọn òǹwòran pè wá títí pé irú ọmọ wo ni wọ́n ń wẹ̀ tí kì í dàgbà. Nígbà tó pẹ́, wọn ò bèèrè mọ́. Ó ti yé wọn pé kò ní padà.

Eré yẹn ti kásẹ̀ nílẹ̀ tipẹ́. Lọ́dún tó kọjá, àìsàn dá ìyá mi gúnlẹ̀, mo sì gbé e wá sí ilé ìwòsàn ní Àkúrẹ́. Kò fẹ́ kí ará Oǹdó gbọ́. Ó ní bí àwọn obìnrin ìjọ bá pè, kí n sọ fún wọn pé òun wá wẹ ọmọ fún mi.

Wọ́n pè lóòótọ́. Mo sọ ohun tó ní kí n sọ. Mo gbọ́ tí ẹni tó pè mí ń sọ ọ́ fún àwọn yòókù tó wà lọ́dọ̀ rẹ̀. Kò sẹ́ni tó bi mí bóyá ọkùnrin ni ọmọ náà tàbí obìnrin. Ẹnì kan láàárín wọn bú sẹ́kún.