Ìyálé Burúkú Inú Fíìmù

Mo rántí ìgbà tí àwọn ọmọdé Ìjẹ̀bú-Òde máa ń sá wọlé bí wọ́n bá rí mi lójú títì, tí inú mi sì máa ń dùn. Ẹ wo bí mo ṣe gọ̀ tó! Mo rò pé òkìkí náà nìyẹn.

Iṣẹ́ aránṣọ ni mò ń ṣe kí ọ̀gá kan tó ń darí fíìmù tó wá dá aṣọ lọ́dọ̀ mi. Ó tẹjú mọ́ mi títí, ó ní àwọn òṣèré kan wà ní ilẹ̀ Faransé láyé àtijọ́ tí wọ́n ń ṣe fíìmù tí kò lóhùn, pé ojú nìkan ni wọ́n fi ń sọ gbogbo ọ̀rọ̀, pé irú ojú wọn ló wà lórí mi yìí. Ó sì fi mí ṣe ìyálé burúkú. N kò sọ ohunkóhun nínú fíìmù náà. Mo kàn gbé ìkọ́kọrẹ́ tí mo ti fi májèlé sí síwájú ìyàwó kékeré ni, mo kọ́kọ́ tọ́ ọ wò níbi tí májèlé kò dé kí ó má baà fura, mo sì rẹ́rìn-ín músẹ́. Ẹ̀rín yẹn ló ba tèmi jẹ́.

Gbogbo ẹni tó tún pè mí lẹ́yìn ìyẹn, ìyálé kan náà ni wọ́n ń wá. Mo bẹ̀ wọ́n kí wọ́n jẹ́ kí n ṣe olùkọ́, kí n ṣe ìyá ìjọ, kí n tilẹ̀ sọ gbólóhùn kan péré. Ọ̀gá mi ní, "Màdáámú, bí ẹ bá lanu báyìí, ẹ̀rù yín ò ní ba ẹnikẹ́ni mọ́." Kò purọ́, ohùn mi tẹ́ẹ́rẹ́ bíi ti ọmọge. Àwọn àgbà kúkú ní ojú lọ̀rọ̀ wà. Mo panu mọ́, ọdún sì ń gorí ọdún.

Ọmọbìnrin kan ṣoṣo ni Ọlọ́run fún mi. Nígbà tó rí ọmọ Ayépé kan tí yóò fẹ́, àwọn ẹbí ọkọ wá fún mọ̀mí-n-mọ̀ọ́. Lójú tiwa, àna tó bá kọ oúnjẹ ilé ẹni ti kọ ọmọ ẹni. Mo fọwọ́ ara mi rin ewùrà láàárọ̀ ọjọ́ náà, mo se ìkọ́kọrẹ́ tó kún fún ẹja. Ìyá ọkọ wọlé, ó rí ojú mi, ó dúró sójú kan. Mo gbé oúnjẹ síwájú rẹ̀, kò fọwọ́ kàn án. Kí ọkàn rẹ̀ lè balẹ̀, mo bu díẹ̀ tọ́ wò, mo sì rẹ́rìn-ín músẹ́ sí i.

Ó fa báàgì rẹ̀ mọ́ra. "Ẹ ṣé o, a ti yó láti ilé."

Ìgbà tí mo rí ojú ọmọ mi ni mo tó mọ ohun tí mo ṣe. Kò sí ìwà rere kan tó kù lọ́wọ́ mi tí n kò tíì fi pa ènìyàn nínú fíìmù.

Ọmọ mi ló kó wa yọ. Ó fa àwo sọ́dọ̀, ó ń jẹ ẹ́ lójú gbogbo wọn, ọkọ rẹ̀ náà sì fọwọ́ bọ̀ ọ́. Wọ́n fẹ́ra wọn. Ṣùgbọ́n nígbà tó bímọ, tó yẹ kí n lọ máa wẹ ọmọ, ìyá ọkọ ránṣẹ́ pé kí n má ṣèyọnu. Mo sunkún gan-an. Mo fi fíìmù sílẹ̀, ṣùgbọ́n fíìmù ò fi mí sílẹ̀. Orí fóònù ni wọ́n ti ń wò ó báyìí.

Ojú ìyá ọkọ náà ti fọ́ láìpẹ́ yìí. Mo gbé ìkọ́kọrẹ́ lọ kí i ní Ayépé, mo jókòó tì í, mo ń sọ̀rọ̀ ọmọ, mo ń sọ̀rọ̀ òjò. Ó gbọ́ mi títí, ó ní, "Àna mi, n kò mọ̀ pé ohùn yín rí báyìí. Ẹ máa sọ̀rọ̀ lọ."

Ó jẹun. Ó tún na àwo sí mi pé kí n bu sí i. Mo rẹ́rìn-ín músẹ́, mo sì dúpẹ́ pé kò rí i.